Àdán Tó Ń Gbin Ìrókò

Ìrókò kì í ṣe igi tí bàbá ẹnikẹ́ni gbìn. Àgbẹ̀ gbin obì, ó gbin kòkó, ó gbin ọsàn, ìrókò ńkọ́? Inú igbó la bá a. Wọ́n ń ró aṣọ funfun mọ́ ọn nídìí, wọ́n ń bọ Olúwéré tó ń gbé inú rẹ̀, àmọ́ kò wọ́pọ̀ kí èèyàn béèrè ta ló gbé kóró rẹ̀ dé ibi tó ti hù. Àdán ni.

Àdán tí mo ń wí yìí kì í ṣe òòbẹ̀ tó ń sá sínú àjà ilé, tó ń jẹ kòkòrò. Òwe wa pàápàá mọ ìyàtọ̀ wọn: bí a kò bá rí àdán, à á fi òòbẹ̀ ṣẹbọ. Àdán lọ̀gá. Bó bá na apá méjèèjì, ó tó nǹkan bíi 75 sẹ̀ǹtímítà láti ìkángun kan dé èkejì, ìwọ̀n rẹ̀ a sì máa sún mọ́ 300 gíráàmù. Irun ara rẹ̀ pọ́n rẹ́súrẹ́sú, apá rẹ̀ dúdú, ojú rẹ̀ gùn síwájú bíi ti ajá, ẹyinjú rẹ̀ sì tóbi. Ẹyinjú yẹn àti imú rẹ̀ ló fi ń wá èso lóru. Òòbẹ̀ ló ń ké tó ń fi ohùn tó padà sí i létí mọ ọ̀nà nínú òkùnkùn.

Ní Ilé-Ifẹ̀, nínú ọgbà Yunifásítì Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀, àwọn àdán ti gba orí igi kan bọ́ sórí òmíràn. Wọ́n á dorí kodò látàárọ̀, wọ́n á máa jà, wọ́n á máa han, òórùn wọn á gba gbogbo àyíká. Bí ilẹ̀ bá ti ń ṣú, wọ́n á ṣí lọ lẹ́gbẹẹgbẹ̀rún títí ojú ọ̀run á fi dúdú. Ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni wọ́n máa ń pọ̀ jù níbẹ̀. Bí òjò bá ti mú ilẹ̀ dáadáa, ọ̀pọ̀ wọn á gba apá àríwá lọ, sí ilẹ̀ ọ̀dàn tí èso ti ṣẹ̀ṣẹ̀ ń pọ́n, wọn kì í sì í padà wá àfi nígbà tí ọ̀gbẹlẹ̀ bá tún dé. Oúnjẹ ni wọ́n ń tọ̀ lẹ́yìn. Irú wọn kan náà ló ń rọ́ lọ sí igbó Kasanka ní orílẹ̀-èdè Zambia láàárín oṣù kẹwàá sí oṣù kejìlá, ní iye tí a ń fi mílíọ̀nù kà. Àwọn onímọ̀ so ẹ̀rọ kékeré mọ́ díẹ̀ lára wọn níbẹ̀, wọ́n sì rí i pé ọ̀kan rin ju 2,000 kìlómítà lọ láàárín oṣù díẹ̀.

Ará Accra ní ìtàn tiwọn. Àìmọye àdán ló ti ń gbé orí igi ilé ìwòsàn ológun tí wọ́n ń pè ní 37. Wọ́n ní wọ́n gbé ọba kan tó ń ṣàìsàn wá láti ìlú rẹ̀, àdán sì tẹ̀ lé e. Ọba wàjà síbẹ̀, àwọn àdán ò sì padà sílé, wọ́n ń dúró kí wọ́n lè sin ín lọ. Mo fẹ́ràn ìtàn yìí nítorí pé ó ka àdán sí ẹni tó mọ olúwa rẹ̀, nígbà tí àwa ń fi í ṣẹ̀sín pé kò ṣe eku, kò ṣe ẹyẹ.

Bó ṣe ń gbin ìrókò rèé. Èso ìrókò rọ̀, kóró inú rẹ̀ sì wẹ́ gan-an. Àdán á rún un lẹ́nu, á fa omi rẹ̀ mu, á tu èyí tó le dànù, ṣùgbọ́n kóró á bá omi wọlé. Ibi tó bá fò dé ni yóò ti yàgbẹ́ rẹ̀ sílẹ̀, kóró náà á sì hù. Ní Ghana, àwọn olùwádìí tó tọpasẹ̀ àdán ṣírò pé kóró wẹ́wẹ́ lè bá a dé ibi tó jìnnà tó 75 kìlómítà sí igi tó so ó. Jíjìnnà yẹn níye lórí. Kòkòrò kan wà tí wọ́n ń pè ní Phytolyma, tó máa ń yé ẹyin sí ọ̀mùnú ìrókò. Ọ̀mùnú á wú, á rà, igi kékeré náà á sì ràn. Ìdí nìyí tí oko ìrókò tí ìjọba gbìn ní ìlà-ìlà, tí igi ti sún mọ́ra, fi ṣòro láti dàgbà. Àdán kì í gbìn ní ìlà. Kí a má sọ ti òdòdó àràbà tí àdán ń lá lóru, tó sì ń gbé àtíkè rẹ̀ láti igi dé igi.

Òótọ́ ni pé àìsàn wà lára rẹ̀. Ní ọdún 1956, ara àdán tí wọ́n mú ní Erékùṣù Èkó ni wọ́n ti kọ́kọ́ rí kòkòrò àrùn kan tó bá ti dìgbòlugi tan. Kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ lásán mú un, láàyè tàbí lókùú. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá torí èyí gé igi tí wọ́n ń sùn sí ń ṣe ara rẹ̀ níbi, torí ìbọn àti ìdẹ ti dín wọn kù tó. Ọmọ kan ṣoṣo ni abo ń bí lọ́dún, àyà rẹ̀ ló sì máa ń gbé e mọ́ fò ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́. Àsìkò ọmọ yẹn, tí òjò àkọ́rọ̀ kù díẹ̀ kó dé, náà ni èso ìrókò ń pọ́n, tí àwọn ọdẹ sì ń tò sábẹ́ igi pẹ̀lú ìbọn.