Ẹ̀kọ́ Tí Ó Bá Àgbà Wọ Sàréè

Àwọn bàbá wa tí ó kàwé lábẹ́ ìjọba Faransé mọ orúkọ àwọn Gaulois, ẹ̀yà Kẹ́líìtì tí Julius Caesar, ọ̀gágun Róòmù, ṣẹ́gun. Àwọn àwòrò wọn kì í kọ ẹ̀kọ́ òrìṣà wọn sílẹ̀. Wọ́n ń há a sórí, fún 20 ọdún nígbà mìíràn, bí ọmọ awo ti ń há ẹsẹ Ifá. Róòmù fòfin dè wọ́n, àwọn ọ̀dọ́ yà sí èdè Látìnì, ẹ̀kọ́ náà sì kú. Lónìí, ẹnu ọ̀tá wọn ni a ti ń gbọ́ ìtàn wọn.

Ní ọdún 2001, UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ wa ní àjogúnbá gbogbo ayé. Ṣùgbọ́n ìwé ẹ̀rí kì í kọrin ẹ̀fẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Ifangni, ẹ jẹ́ kí a jókòó ti àwọn àgbà, kí a kọ́ ọ, kí a sì kọ ọ́ sílẹ̀.