Ọkùnrin Tó Dé Irun Ẹṣin Lórí

Ẹ sún mọ́ iná, ẹ̀yin ọmọ Ìsọlọ̀. Bí ẹ bá gba Bọ́ládé kọjá l'Óṣòdì lówùúrọ̀, ẹ ó rí àwọn lọ́yà lẹ́nu ọ̀nà kóòtù, wọn ò lóǹkà. Ìgbà kan wà tí Èkó ní kóòtù, ṣùgbọ́n tí kò sí lọ́yà kan ṣoṣo tó jẹ́ ọmọ wa níbẹ̀.

Lọ́dún 1861 ni Gẹ̀ẹ́sì gba Èkó. Oṣòdì Tápà, balógun Ọba Kòsọ́kọ́, ẹni tí àdúgbò Oṣòdì ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, ṣì wà láyé nígbà yẹn. 1868 ló kú. Ní 1876 ni wọ́n gbé kóòtù ńlá kalẹ̀. Ta ni yóò wá máa gba ẹjọ́ rò? Akọ̀wé tó bá gbọ́ òyìnbó, tó sì mọ òfin díẹ̀díẹ̀, ni wọ́n ń fún láyè! Ẹ wo ilẹ̀ baba ẹni lẹ́nu akọ̀wé.

Àfi ìgbà tí Christopher Sàpàrà Williams dé. Sàró ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1855, àmọ́ Ìjẹ̀ṣà ni orírun rẹ̀. Ó kọ́ òfin ní Inner Temple ní Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n sì pè é sí iṣẹ́ lọ́yà ní ọjọ́ 17 oṣù Kọkànlá, 1879. Ọmọ ilẹ̀ wa kankan kò ṣe é rí ṣáájú rẹ̀. Ní oṣù Kìíní 1888, ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ l'Ékòó. Irun ẹṣin ni wọ́n fi ń ṣe wíìgì tó ń dé, nínú ooru Èkó yìí! Síbẹ̀, ìyẹn kọ́ ni ìyanu. Àṣà tí ẹnikẹ́ni kò kọ sínú ìwé wà lórí rẹ̀: ta ló ni ilẹ̀ ẹbí, báwo ni wọ́n ṣe ń pín ogún ní ìdí-igi. Adájọ́ òyìnbó kò ríbi ka ìyẹn.

 

Ní 1901, wọ́n yan Sàpàrà sí Ìgbìmọ̀ Aṣòfin, ibẹ̀ ló sì wà títí ó fi kú. Nígbà tí gómìnà gbé òfin ìwé ìròyìn wá ní 1903, ó takò ó. Ní 1909, òfin ọ̀tẹ̀ dé. Ó dìde, ó ní ọ̀tẹ̀ kò bá ìwà Yorùbá mu. Ó ní lọ́la, òṣìṣẹ́ ìjọba tí ara rẹ̀ kò gba ọ̀rọ̀ lè dé, kó máa pe gbogbo àríwísí ní ọ̀tẹ̀. Àwọn ènìyàn ìjọba ló pọ̀ jù nínú ìgbìmọ̀ náà. Òfin náà kọjá.

Sàpàrà kú ní oṣù Kẹta 1915. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, wọ́n fi James Bright Davies, olóòtú ìwé ìròyìn Times of Nigeria, sẹ́wọ̀n oṣù mẹ́fà nítorí ohun tó kọ. Ẹ̀sùn ọ̀tẹ̀ ni wọ́n fi mú un.

Ó di àwọn ọdún 1980 kí Kóòtù Kòtẹ́milọ́rùn tó sọ, nínú ẹjọ́ Arthur Nwankwo, pé òfin ọ̀tẹ̀ kò bá òmìnira ọ̀rọ̀ sísọ inú ìwé òfin Nàìjíríà mu.