Igi Fúrúùtù àti Ìtọ́jú Rẹ̀

Bóyá ni ẹ fi lè rí ọmọ tí ó dàgbà ní Sùúrùlérè, Yábàá tàbí Muṣin tí kò sọ òkúta sí igi fúrúùtù rí. A ti jẹ èso rẹ̀, a ti jókòó sí ibòòji rẹ̀, àáké ni a wá fi ń san oore fún un báyìí. Igi mẹ́rin ni mo mọ̀ ní òpópónà wa ní Sùúrùlérè. Ẹyọ kan ṣoṣo ni ó kù, inú ọgbà ilé tí a ń gbé ni ó sì wà. Èmi ni mo ń tọ́jú rẹ̀. Àwọn ará ilé ní ewé rẹ̀ ń dí gọ́tà, gbòǹgbò rẹ̀ ń la ògiri, àti pé lọ́dọọdún ni ó ń kú lójú gbogbo ayé.

Ti ikú yìí ni n ó kọ́kọ́ mú, nítorí irọ́ gbáà ni. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, ewé fúrúùtù a pọ́n bí ẹ̀jẹ̀, a sì wọ́ dànù. Kì í ṣe àrùn. Igi náà ló ń fa oúnjẹ inú ewé padà sára kí ewé tó já. Bí àwọ̀ tútù ṣe ń ṣá, bẹ́ẹ̀ ni àwọ̀ pupa ń hàn. Bí ewé bá ti já, omi kò ní máa gba ojú ewé jáde lọ, ìyẹn ló ń jẹ́ kí igi la ọ̀gbẹlẹ̀ já. Kò ní pẹ́ tí tuntun yóò fi rú. Àwọn ará Jàpáánì ní igi maple tiwọn, tí ewé rẹ̀ rí wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, tí ó ń pọ́n bẹ́ẹ̀ kí ọ̀gìnnìtìn tó dé. Wọn a wọ ọkọ̀ lọ wò ó. Igi yẹn kò lè gbádùn Èkó, nítorí ó ń fẹ́ òtútù tí yóò fi sinmi. Tiwa ń pọ́n lẹ́nu ọ̀nà wa lọ́fẹ̀ẹ́, a ní ó ń kú!

Kì í ṣe igi ìbílẹ̀ wa o. Etí òkun Éṣíà ni ó ti wá. Èso rẹ̀ a máa léfòó lórí omi òkun, ìdí nìyẹn tí iyanrìn Èkó fi bá a lára mu. Ní ọdún 1767 ni Linnaeus sọ ọ́ ní Terminalia catappa. Ìbátan ìdígbò àti afàrà ni, àwọn igi tí a ń là ní pákó.

Ti ògiri ní òtítọ́ díẹ̀ nínú. Igi tí ó lè ga tó ẹsẹ̀ bàtà 80 kì í ṣe ohun tí à ń gbìn sí ìdí ògiri. Ẹ fi ẹsẹ̀ bàtà 20 sílẹ̀ ó kéré tán. Bí àyè kò bá sí, ẹ gbin nǹkan mìíràn. Èso tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ já ni kí ẹ rì sínú ọ̀rá tí iyẹ̀pẹ̀ wà, kí ẹ máa bomi rin ín, kí ẹ sì lọ́ ọ nígbà tí òjò bá bẹ̀rẹ̀. Ní ẹ̀ẹ̀rùn àkọ́kọ́, ẹ má jẹ́ kí omi wọ́n ọn. Ẹ má da sìmẹ́ǹtì yí ìdí rẹ̀ ká. Láti ọdún 2008 ni ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó ti ya ọjọ́ 14 oṣù Júláì sọ́tọ̀ fún igi gbíngbín. Ó dára, ṣùgbọ́n èyí tí ó ti wà nílẹ̀ ń kọ́?

Ìpele ìpele ni ẹ̀ka fúrúùtù ń yọ, bí ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì. Ti ìsàlẹ̀ ni kí ẹ fi ayùn gé, láì ta kùkùté sílẹ̀, láì sì bó èèpo igi. Àwọn tí à ń háyà a máa bẹ́ orí igi. Ẹ má gbà fún wọn. Ẹ̀ka tí ó bá hù lójú ọgbẹ́ bẹ́ẹ̀ kì í lágbára, ìjì ni yóò dá a lu òrùlé.

Ní ti gọ́tà, ìgbálẹ̀ ni oògùn rẹ̀. Ẹ gbá ewé jọ kí àkọ́rọ̀ òjò tó dé, ẹ tẹ́ ẹ yí igi ká, kí ó jẹrà síbẹ̀. Ẹ má dáná sun ún. Gọ́tà tí mo fi ọwọ́ ara mi kó, ọ̀rá píọ́ wọ́tà ni ó pọ̀ jù níbẹ̀. N kò sì tíì rí ẹni tí ó gbé àáké lọ bá oníwọ́tà.

Ẹ má ju kóró rẹ̀ nù. Ẹ sá a kí ó gbẹ, ẹ gbé e ní ìdúró, ẹ fi òkúta lù ú létí. Ohun tí ó wà nínú rẹ̀ dùn ju ẹ̀pà lọ lẹ́nu tèmi.