Orin Abẹ́ Àwòrán: Ohùn Ìlù nínú Fíìmù Ẹ̀kọ́

Kí ni iṣẹ́ orin nínú fíìmù tí ó ń kọ́ni nípa igbó, omi àti ẹranko? Fela Sowande, tí a bí ní 1905, wà lára àwọn ọmọ Yorùbá tí ó kọ́kọ́ ṣe irú iṣẹ́ yìí. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, ní Lọ́ńdọ̀nù, ó jẹ́ olùdámọ̀ràn orin fún Colonial Film Unit, ẹ̀ka ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tí ó ń ṣe fíìmù fún àwa ará Áfíríkà.

Èdè olóhùn ni èdè wa; ibẹ̀ ni ìṣòro wà. Ká ní a ń ṣe fíìmù nípa ọ̀sà ní Ogun Waterside. Bí akọrin bá pe ọkọ̀ lórí orin tí ó ń gòkè, ọkọ́ ni etí yóò gbọ́: apẹja ti di àgbẹ̀. Ti ìlù tilẹ̀ le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ìyáàlù dùndún bá ń fọhùn lábẹ́ ọ̀rọ̀ asọ̀tàn, ẹnu méjì ni ó ń sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Nítorí náà, nígbà tí asọ̀tàn bá ń sọ̀rọ̀, kí ìyáàlù dákẹ́, kí omele máa bá a lọ. Bí asọ̀tàn bá sinmi, ìyáàlù lè fọhùn.

Èyí tí ó ká mi lára jù ni òtítọ́. Erin ṣì wà nínú igbó ìjọba Omo, ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú níhìn-ín, ṣùgbọ́n wọn kò pọ̀ mọ́. Bí a bá lu ìlù ogun sí erin tí ó ń wá oúnjẹ kiri, a ti sọ ọ́ di ọ̀tá lójú àwọn àgbẹ̀ láti Ìjẹ̀bú-Igbó dé Agó-Ìwòyè. Àwọn àgbà ní àjànàkú kọjá mo rí nǹkan fìrí. Bí a bá rí erin, kí a sọ pé a rí erin. Òfin kan náà ni ó de orin.