Èdè Yorùbá Lójú Aṣàwákiri: Ohun Tí Ó Kan Olùkọ́ àti Olùdánwò

Ọ̀rọ̀ tí a fẹ́ gbé yẹ̀ wò nínú àpilẹ̀kọ yìí kì í ṣe ti àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ nìkan. Ó kan ẹnikẹ́ni tí ó ń kọ́ni ní èdè Yorùbá tàbí tí ó ń máàkì ìwé ìdánwò rẹ̀, nítorí pé orí íntánẹ́ẹ̀tì ni ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ wa ti ń ka Yorùbá tí kì í ṣe ti ìwé kíláàsì. Ohun tí wọ́n fi ń wọ íntánẹ́ẹ̀tì ni gbogbo ènìyàn ń pè ní búráúsà. Àwọn kan ti ń pè é ní aṣàwákiri. Orúkọ yìí ni a ó máa lò níhìn-ín, nítorí pé ó sọ iṣẹ́ tí nǹkan náà ń ṣe. Chrome àti Firefox wà lára àwọn tí a mọ̀ jù. Ìbéèrè wa ni pé, ǹjẹ́ a lè mú kí aṣàwákiri máa bá wa sọ Yorùbá? Ó ṣeé ṣe ní apá kan, kò ì tíì ṣeé ṣe ní apá kejì. Apá kejì yìí ni ó jẹ́ iṣẹ́ tiwa.

Kí ọ̀rọ̀ má baà lọ́jú pọ̀, ó yẹ kí a ya nǹkan mẹ́ta sọ́tọ̀. Èkíní ni èdè tí ojú-ewé kan ṣoṣo ń lò. Bí a bá ṣí Google ní Nàìjíríà, a ó rí orúkọ Haúsá, Ígbò, Yorùbá àti Píjìn lábẹ́ àpótí tí a ń kọ ohun tí a ń wá sí. Ẹni tí ó bá tẹ Yorùbá níbẹ̀ ti yí èdè Google padà, ṣùgbọ́n kò ì tíì fọwọ́ kan aṣàwákiri rẹ̀ rárá. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti ń rò pé iṣẹ́ ti parí.

Èkejì ni èdè tí aṣàwákiri fi ń béèrè nǹkan lọ́wọ́ àwọn ojú-ewé. Nígbàkigbà tí a bá ṣí ojú-ewé kan, aṣàwákiri a máa jíṣẹ́ kékeré kan fún un: àwọn èdè tí ẹni tí ó ni mí ń fẹ́ nìyí, bí ó ṣe fẹ́ wọn tẹ̀ léra nìyí. Létà méjì, yo, ni àmì tí ISO, àjọ tí ń ṣètò òdiwọ̀n lágbàáyé, fún Yorùbá. Bí yo bá ṣíwájú, tí ojú-ewé náà sì ní Yorùbá nílẹ̀, ó lè gbé e jáde. Bí kò bá ní in, a bọ́ sórí èdè tí ó tẹ̀ lé e. Ẹni tí ó bá ń wọ ọkọ̀ ní Ìyànà-Ìbà mọ irú èyí. Èdè tí o bá fi béèrè owó ọkọ̀ lọ́wọ́ kọ̀ńdọ́ tí ń pe Òkòkòmáikò tàbí Mile 2 ni yóò fi dá ọ lóhùn, ìbáà ṣe Yorùbá, Píjìn tàbí Ègùn tí ó bá gbọ́ ọ. Bí o bá fi Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀rẹ̀, kò ní wádìí bóyá ọmọ Yorùbá ni ọ́.

Ẹ̀kẹta ni èdè ẹnu aṣàwákiri fúnra rẹ̀, ìyẹn àwọn ọ̀rọ̀ tí ó wà lára bọ́tìnnì rẹ̀ àti ìkìlọ̀ tí ó ń ṣe fún wa.

Láti ṣe èkejì nínú Chrome lórí kọ̀ǹpútà, a ó tẹ dọ́ọ̀tì mẹ́ta tí ó tò léra wọn ní òkè lápá ọ̀tún, a ó yan “Settings”, lẹ́yìn náà “Languages”. “Add languages” ni a ó ti wá Yorùbá, tí a ó sì gbé e lọ sókè pátápátá. Firefox ya ọ̀nà méjèèjì sọ́tọ̀ gbangba: ibì kan wà fún èdè tirẹ̀, ibòmíràn sì wà fún èdè tí a fẹ́ kí ojú-ewé fi hàn wá. Nínú Chrome lórí Windows, àwọn èdè tí ó lè fi ara rẹ̀ hàn nínú wọn ni ó ní àǹfààní “Display Google Chrome in this language”. Títí di àkókò tí a ń kọ èyí, Swahili àti Amharic ní in. Yorùbá kò ní in.

Àwọn kan lè béèrè pé kí ni èrè yíyí èkejì nìkan padà. Ẹ jẹ́ kí a mú ọmọ tí ó ń ka BBC News Yorùbá, tí ó bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kejì ọdún 2018. Bí aṣàwákiri rẹ̀ bá gbà pé Gẹ̀ẹ́sì nìkan ni ó gbọ́, yóò máa fi ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ̀ ọ́. Google Translate ti ń túmọ̀ Yorùbá láti oṣù kejìlá ọdún 2013, nítorí náà kò ní í ṣòro fún un. Ọmọ náà yóò tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan, Yorùbá yóò sì pòórá. Lójú ibi ètò èdè kan náà ni a ti lè sọ fún Chrome pé kí ó má ṣe túmọ̀ Yorùbá mọ́.

Ìlà pupa ni ó burú jù. Ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ wa ní Ìbà, Ọ̀jọ́ àti Òkòkòmáikò kò ní kọ̀ǹpútà nílé. Ọ̀dọ̀ àwọn atẹ̀wé tí ó yí ọgbà Yunifásítì Ìpínlẹ̀ Èkó ká ni wọ́n ti ń tẹ iṣẹ́ àṣetiléwá. Aṣàwákiri tí ń yẹ sípẹ́lì Gẹ̀ẹ́sì wò a máa fa ìlà pupa sábẹ́ ọ̀rọ̀ Yorùbá gbogbo, èyí tí ó tọ̀nà àti èyí tí kò tọ̀nà. Pupa sì ni bíírò olùkọ́! Ọmọ tí ó kọ “ọkọ̀” pẹ̀lú àmì rẹ̀ pé pérépéré rí ìlà. Ó yọ àmì ohùn kúrò, ó yọ dọ́ọ̀tì kúrò, ó kù “oko”, bóyá ìlà ṣì wà níbẹ̀. Ní ìgbẹ̀yìn, yóò gbà pé àmì kò já mọ́ nǹkan kan. Àwa tí ń máàkì ni a ó wá gé máàkì rẹ̀ lórí ohun tí ẹ̀rọ ti kọ́ ọ. Pípa “Spell check” fún ìgbà tí a bá ń kọ Yorùbá kò gbà ju ìṣẹ́jú kan lọ, ó sì yẹ kí olùkọ́ fi í han kíláàsì rẹ̀. Òfin Ìpínlẹ̀ Èkó ti 2018 sọ Yorùbá di dandan nílé-ẹ̀kọ́, ṣùgbọ́n òfin kò dé inú “Settings”.

Ẹ jẹ́ kí a sọ̀rọ̀ díẹ̀ lórí àkọtọ́. Nínú àkójọ tí Unicode ń lò fún ètò èdè lórí ẹ̀rọ, Yorùbá ní ẹ̀ka kejì fún Bẹ̀nẹ̀, yo-BJ, tí ó ń lo ɛ, ɔ àti sh dípò ẹ, ọ àti ṣ. Ojú ọ̀nà Badagry tí ó gba iwájú wa kọjá lọ sí Sẹ̀mẹ̀ ni a fi ń dé ibi tí wọ́n ti ń kọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Inú àkójọ kan náà ni Ṣẹ́rẹ́, Èrèlè àti Ẹrẹ̀nà wà fún orúkọ oṣù. Ẹnìkan ni ó jókòó kọ wọ́n síbẹ̀.

Èyí ni ó mú wa padà sí ẹ̀kẹta. Microsoft ti ṣe Yorùbá fún Windows 7, tí ó jáde ní 2009. Nítorí náà kì í ṣe pé èdè wa kò lè wọ ẹ̀rọ. Ọ̀rọ̀ ni ó ń fẹ́. A ti ṣe irú rẹ̀ rí: ìwé Èdè-Ìperí Yorùbá, apá kìíní ní 1984 lábẹ́ àbójútó Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé, apá kejì ní 1990 lábẹ́ Ọ̀jọ̀gbọ́n Ọládélé Awóbùlúyì, ni ó fún wa ní ọ̀rọ̀ tí a fi ń kọ́ gírámà àti lítíréṣọ̀. Ti aṣàwákiri ṣòro ní ọ̀nà tirẹ̀. Kí ni a ó pe “Search”? Àwọn kan fẹ́ “ṣàwárí”, ṣùgbọ́n “rí” ti wà nínú rẹ̀. Ẹni tí ó ṣàwárí ti rí nǹkan, ẹni tí ó tẹ bọ́tìnnì kò ì tíì rí i. “Wá a” ni a fara mọ́. Ti ọ̀wọ̀ ńkọ́? Gẹ̀ẹ́sì ní “you” kan fún ọmọdé àti àgbà. Bí ẹ̀rọ bá wí fún ìyá àádọ́rin ọdún pé “Tẹ ibí”, àrífín ni. Bí ó bá sì wí fún ọmọ JSS1 pé “Ẹ jọ̀wọ́, ẹ tẹ ibí”, kò bójú mu tó. Lójú tiwa, ọ̀rọ̀-orúkọ ni kí ó wà lára bọ́tìnnì, bí “Ìfipamọ́”, kí ìkìlọ̀ sì máa lo “ẹ”, nítorí pé ọmọ tí a fi ọ̀wọ̀ bá sọ̀rọ̀ kò ní bínú.

Iṣẹ́ yìí bá kíláàsì SS2 mu nígbà tí a bá ń kọ́ wọn ní ìṣẹ̀dá ọ̀rọ̀-orúkọ. Nígbà tí a gbé “Cancel” kalẹ̀, wọ́n mú “fagi lé”, “má ṣe é mọ́” àti “jáwọ́” wá. Àríyànjiyàn gbóná títí agogo fi lù. Ọmọ kan tọ́ka sí i pé ohun tí a ti kọ tàbí tí a ti pinnu ni a ń fagi lé, bẹ́ẹ̀ ni bọ́tìnnì yìí kò pa nǹkan kan rẹ́. “Jáwọ́” ni ó borí. A sì sọ ọ́ di “Ìjáwọ́”.