ÒKÚ LÓ BÁ WỌN PARÍ ÌJÀ! Ọ̀rọ̀ Ẹlẹ́ṣin Ọba àti ọmọ rẹ̀, Olúńdé

Ẹ̀yin ìyá wa lọ́jà, ẹ̀yin oníṣẹ́ ọwọ́, ẹ gbọ́ ná. Ṣé baba lè wó lulẹ̀ lẹ́sẹ̀ ọmọ tó bí, kí ọmọ náà má wo ojú rẹ̀? Ó ṣẹlẹ̀ nínú eré tí Wọlé Ṣóyínká kọ, Death and the King's Horseman, tó jáde ní 1975. Bíyì Bándélé sọ ọ́ di fíìmù Yorùbá, tó jáde ní 2022. Ọdúnladé Adékọ́lá ló ṣe Ẹlẹ́ṣin.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe àlọ́ o. Nígbà tí Aláàfin Ṣíyanbọ́lá Ládìgbòlù wàjà ní 1944, ìjòyè kan wà tó yẹ kó bá ọba lọ, gẹ́gẹ́ bí àṣà Ọ̀yọ́ ìgbà náà. Àwọn Òyìnbó dá a dúró. Ọmọ rẹ̀ ló kú dípò rẹ̀. Dúró Ládiípọ̀ ti fi ṣeré Ọba Wàjà kí Ṣóyínká tó kọ tiẹ̀.

Nínú eré Ṣóyínká, ìjà baba àti ọmọ ti pẹ́. Olúńdé ni àkọ́bí, òun ló yẹ kó jẹ oyè lẹ́yìn baba. Ṣùgbọ́n dókítà ló fẹ́ dà. Baba ta kú, kò gbà, àfi bí ajẹ́lẹ̀ ṣe yọ́ ọmọ náà gbé lọ sílùú ọba. Lójú Ẹlẹ́ṣin, wọ́n jí ọmọ òun gbé ni.

Bí Olúńdé ṣe gbọ́ pé ọba wàjà, ó mọ̀ pé baba òun náà ń lọ nìyẹn. Ó ṣọ̀fọ̀ tán lọ́hùn-ún, ló bá wọkọ̀ wálé wá sin baba. Àṣé baba ò kú! Ní ọjọ́ tó yẹ kó lọ gan-an ló rí ọmọge kan lọ́jà, tó ní òun fẹ́. Àfẹ́sọ́nà ọmọ Ìyálọ́jà ni. Ìyálọ́jà kìlọ̀ fún un, síbẹ̀ ó fún un, torí ta ló fẹ́ fi nǹkan du ẹni tó ń lọ sọ́run? Ibi tí Ẹlẹ́ṣin ti ń lọ́ra ni ajẹ́lẹ̀ ti mú un.

Nígbà tí baba rí ọmọ, ó wó lulẹ̀, ó bú sẹ́kún. Ọmọ ní òun ò ní baba, ó sì bá tiẹ̀ lọ.

Nínú àtìmọ́lé, Ẹlẹ́ṣin ní Òyìnbó ló jẹ̀bi. Ó tún ní àwọn òrìṣà ló kẹ̀yìn sí òun. Ó kù díẹ̀ kó kà á sí ìyàwó tuntun lọ́rùn. Níkẹyìn, ó jẹ́wọ́ pé ayé ló dùn mọ́ òun. Ó ti pẹ́ jù. Ìyálọ́jà àtàwọn obìnrin ọjà gbé òkú wọlé, wọ́n fi aṣọ bò ó. Olúńdé ni. Baba fi ṣéènì tí wọ́n fi dè é fún ara rẹ̀ lọ́rùn pa.

Ẹ wò ó, ọmọ tí baba rò pé Òyìnbó ti gbà lọ́wọ́ òun ló wá ru ẹrù ilé. Baba ò mọ ohun tó wà nínú ọmọ rẹ̀ àfìgbà tó di òkú. Mélòó nínú wa ló ń bá ọmọ yodì nítorí iṣẹ́ tó yàn tàbí ìlú tó lọ? Ẹ jẹ́ ká ránṣẹ́ pè wọ́n nígbà tí wọ́n ṣì lè jẹ́ wa.

Ta lẹ rò pé ó jẹ̀bi: Ẹlẹ́ṣin ni, ajẹ́lẹ̀ ni, àbí Ìyálọ́jà tó fún un níyàwó? Ẹ kọ̀wé sí wa.