Fóònù Yín Dédé Ń Sọ Èdè Ṣáínà? Ẹ Má Tíì San Owó Fún Ẹnikẹ́ni O!

Ẹ̀yin ìyálọ́jà, ẹ̀yin oníṣẹ́ ọwọ́, ẹ yá wa ní etí yín díẹ̀. Ọ̀ràn kan ń lọ nígboro tí kò jọ ọ̀ràn ńlá, ṣùgbọ́n owó ń bá a lọ. Ọmọ kékeré á gbé fóònù ìyá rẹ̀ nídìí àtẹ, á tẹ̀ ẹ́ síwá, á tẹ̀ ẹ́ sẹ́yìn. Kí ìyá tó gbà á padà, gbogbo ohun tó wà lójú fóònù ti di kíkọ tí kò rí irú rẹ̀ rí. Ẹlòmíràn ra fóònù tòkunbọ̀ tó jẹ́ pé ará Ṣáínà ló kọ́kọ́ lò ó. Ẹlòmíràn sì ra tirẹ̀ lọ́wọ́ àwọn èèyàn wa láti Kétu tàbí Sákété ní ilẹ̀ Benin, Faransé pọ́ńbélé ló wà nínú rẹ̀. Ló bá di, "Yéè, fóònù mi ti bàjẹ́!"

Kò bàjẹ́. Èdè ló yí padà.

Ohun tó ń dunni níbẹ̀ ni pé àwọn kan wà nínú àwọn tó ń tún fóònù ṣe (kì í ṣe gbogbo wọn o, ẹ̀yin ọ̀gá tó ń ṣiṣẹ́ yín bí iṣẹ́, ẹ má bínú sí wa) tó jẹ́ pé wọ́n á gba owó, wọ́n á ní àwọn fẹ́ fíláàṣì ẹ̀. Ẹ ṣáà mọ ìtumọ̀ rẹ̀? Wọ́n á pa gbogbo ohun tó wà nínú fóònù rẹ́, á dà bí ọjọ́ tí wọ́n yọ ọ́ nínú páálí. Nọ́ńbà oníbàárà lọ. Fọ́tò aṣọ tí télọ̀ ti rán lọ. Àkọsílẹ̀ àwọn tó jẹ yín lówó, òun náà lọ. Ohun tó wá pani lẹ́rìn-ín ni pé bí wọ́n bá pa á rẹ́ tán, ìbéèrè àkọ́kọ́ tí fóònù máa bi wọ́n ni pé, "Èdè wo lẹ fẹ́?" Ohun tí ẹ̀yin fúnra yín ì bá fi ìka ṣe ní ìṣẹ́jú márùn-ún!

Ibi tó tún burú sí ju owó lọ ń bọ̀. Bí ẹ bá wọ íntánẹ́ẹ̀tì, ìbéèrè kì í tán lẹ́nu bíráósà. Ṣé kí àwọn tí ẹ wọ ọ̀dọ̀ wọn yìí máa fi ìkéde ránṣẹ́ sí yín? Ṣé kí wọ́n mọ ibi tí ẹ wà? Ṣé kí wọ́n lo kámẹ́rà yín? Bọ́tìnì kan ni bẹ́ẹ̀ ni, èkejì ni rárá. Ẹni tí kò lè ka èdè tó wà níbẹ̀ á kàn tẹ èyíkéyìí kí ó lè ráyè kọjá. Bó ṣe máa ń bẹ̀rẹ̀ nìyẹn tí fóònù á máa pariwo tọ̀sán-tòru pé "kòkòrò ti wọ fóònù yín, ẹ tẹ ibí." Irọ́ gbuu ni! Ẹ sì rántí àwọn ayánilówó orí fóònù, tí wọ́n ń kọ ọ̀rọ̀ ìtìjú ránṣẹ́ sí gbogbo orúkọ tó wà nínú fóònù onígbèsè. Onígbèsè fúnra rẹ̀ ló tẹ "mo gbà" tí wọ́n fi rí àwọn orúkọ náà. Ọ̀ràn wọn le débi pé àjọ FCCPC gbé ìlànà ìforúkọsílẹ̀ jáde fún wọn ní 2022. Tí ẹ̀yin bá wá ń tẹ "mo gbà" ní èdè tí ẹ kò gbọ́ ńkọ́?

Ẹ jẹ́ ká là á yé ara wa. Bíráósà ni ilẹ̀kùn tí ẹ ń gbà wọ íntánẹ́ẹ̀tì. Chrome ló wọ́pọ̀ jù lórí fóònù Android. Ẹ fi wé ṣọ́ọ̀bù ńlá: èdè mẹ́nù rẹ̀ ni ohun tí oníṣọ́ọ̀bù kọ sára ògiri, "ẹ gba ibí wọlé", "ẹ sanwó níbí". Ọjà orí àtẹ kì í ṣe tirẹ̀, àwọn ẹlòmíràn ló kó o wá. Bí ẹ bá yí ara ògiri sí Gẹ̀ẹ́sì, ìròyìn Faransé tí ẹ ṣí síbẹ̀ á ṣì jẹ́ Faransé. Ọ̀pọ̀ ló ń da méjèèjì pọ̀, tí wọ́n á máa ní, "Mo yí i, kò yí!"

BÍ Ẹ Ó ṢE ṢE É

Ẹ ṣí Chrome. Lókè lápá ọ̀tún, dọ́ọ̀tì mẹ́ta wà tó dúró lórí ara wọn. Ẹ tẹ̀ ẹ́. Mẹ́nù á yọ, ẹ fà á dé ìsàlẹ̀. "Settings" wà níbẹ̀. Faransé ń pè é ní "Paramètres", àwọn ará Ṣáínà ń kọ ọ́ báyìí: 设置. Ẹ wọ ibẹ̀, kí ẹ tún fà á lọ sísàlẹ̀ títí ẹ ó fi rí "Languages". "Langues" ni lọ́dọ̀ Faransé, 语言 ni lọ́dọ̀ Ṣáínà. Ẹ gé ibí yìí nínú ìwé ìròyìn kí ẹ fi sí pọ́ọ̀sì. Ohun tó ṣáájú nínú rẹ̀ ni èdè Chrome fúnra rẹ̀. Bí ẹ bá tẹ̀ ẹ́, èdè rẹpẹtẹ á tò sílẹ̀. Ẹ má bẹ̀rù: wọ́n kọ orúkọ èdè kọ̀ọ̀kan ní èdè ara rẹ̀, nítorí náà "English" á wà níbẹ̀ ní lẹ́tà tí ẹ mọ̀, bí gbogbo ojú fóònù tilẹ̀ jẹ́ ti Ṣáínà. Ẹ tẹ̀ ẹ́. Chrome á fẹ́ pa ara rẹ̀ kó tún ṣí, ẹ gbà fún un.

Bó bá jẹ́ èdè Lárúbáwá ló wọ̀ ọ́, ohun gbogbo á yí sódì, nítorí ọwọ́ ọ̀tún ni wọ́n ti ń kọ̀wé wá sí òsì. Apá òsì ni kí ẹ ti wá dọ́ọ̀tì mẹ́ta yẹn.

Tí kì í bá ṣe Chrome nìkan, tó jẹ́ odindi fóònù, ọ̀dọ̀ fóònù ni kí ẹ lọ, torí ohun tí fóònù bá ń sọ ni Chrome máa ń sọ àfi tí ẹ bá ní kó má ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ wọ ibi tó ní àwòrán bíi jíà ẹlẹ́yín (ẹ̀yin mẹkáníìkì, ẹ mọ̀ ọ́n). Ti Samsung wà lábẹ́ "General management". Lórí ọ̀pọ̀ fóònù mìíràn, "System" ni. Ẹ fa English lọ sókè pátápátá. Ní ti kọ̀ǹpútà Windows, inú Settings Chrome kan náà ni, ní "Languages". Dọ́ọ̀tì mẹ́ta wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ èdè kọ̀ọ̀kan, ibẹ̀ lẹ ó ti ní kí Chrome máa fi èdè náà hàn.

YORÙBÁ WÁ ŃKỌ́?

Ẹ̀yin náà á ti máa bi í. Nínú àwọn èdè tí Chrome orí Android lè fi kọ mẹ́nù rẹ̀, Swahili wà, Amharic wà, Zulu àti Afrikaans wà. Yorùbá kò sí! Èdè tí wọ́n ti fi tẹ ìwé ìròyìn ní Abẹ́òkúta láti 1859! Ó ń dùn wá.

Ṣùgbọ́n ọwọ́ kò ṣófo. Ojú ìwé Google ti Nàìjíríà ní Yorùbá, ó wà nísàlẹ̀ àpótí tí ẹ ń kọ ìbéèrè sí, pẹ̀lú Hausa, Igbo àti Pijin. Ẹ lè tẹ̀ ẹ́. Wikipedia náà ní ti Yorùbá tirẹ̀. Bó bá sì jẹ́ ọjà orí àtẹ lẹ fẹ́ kà, ẹ padà sí dọ́ọ̀tì mẹ́ta, ẹ tẹ "Translate". Ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ kan á yọ, dọ́ọ̀tì mẹ́ta tirẹ̀ náà wà lára rẹ̀, ẹ gba ibẹ̀ wá Yorùbá. Láti oṣù Kejìlá 2013 ni Google ti fi Yorùbá kún èdè tó ń túmọ̀. Ìtumọ̀ ẹ̀rọ yìí kò rí bíi ti ẹni tí wọ́n bí sínú èdè o. Fún ìròyìn àti iye ọjà, ó tó lò. Bó bá jẹ́ iye oògùn tí ẹ ó fún ọmọ ni, tàbí àdéhùn owó yíyá, ẹ jẹ́ kí ẹni tó gbọ́ èdè méjèèjì kà á fún yín. Orúkọ èdè tí wọ́n fi kọ ọ́ gan-an kò kúrò lára ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ yẹn, bí ẹ bá tẹ̀ ẹ́, gbogbo rẹ̀ á padà sí bó ṣe wà.